Ẹ̀yìn Ilẹ̀kùn

Ẹgbàárùn-ún géèmù ó dín ẹyọ kan,
ohun tí wọ́n kọ sára páálí nìyẹn.
Bàbá rà á bọ̀ láti Adó lọ́dún tí kòkó gbówó lórí.
A kà á títí ojú wa fi pọ́n, èmi àti Ìbídàpọ̀:
méje péré ló wà níbẹ̀.
Ìyókù, orúkọ ni wọ́n pààrọ̀,
pẹ́pẹ́yẹ kan náà tí wọ́n kùn láwọ̀ ewé,
pẹ́pẹ́yẹ kan náà tó ń fò sẹ́yìn.
Ìbídàpọ̀ ní, "Bí ẹbí wa ṣe rí náà nìyẹn,
orúkọ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, imú kan ṣoṣo."

Ẹfọ̀n máa ń tutù lásìkò ọyẹ́.
Òkè yí wa ká bí etí àwo,
a ó kó ọwọ́ sábẹ́ itan kó tó lè tẹ páàdì.
Géèmù ọkọ̀ ogun ni tiẹ̀.
Bó bá ti ń jà, ahọ́n rẹ̀ á yọ síta,
Yèyé á sì ké láti ẹ̀yìnkùlé:
"Ulé yìí á gbiná lọ́jọ́ kan! Ẹ pa nǹkan yẹn!"
Kò gbiná rí.
Nẹ́pà ò jẹ́ kó ráyè gbiná.

Ẹ̀rọ yẹn ò ní ìrántí.
Bí iná bá ti lọ, gbogbo ohun tí o jẹ di òfo.
Ìbídàpọ̀ mú pẹ́ńsùlù, ó kọ tiẹ̀ sẹ́yìn ilẹ̀kùn:
48,350.
Ó fa ilà sábẹ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì.
"Ẹni tó bá kọjá ibẹ̀ kó wá kọ tiẹ̀."

Kò sẹ́ni tó kọjá ibẹ̀.
Ọdún kẹta, ọ̀nà Ìtàwúrẹ́, ọ̀kadà, òjò.
Ẹ má jẹ́ n sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.
Nígbà tí a fẹ́ kun ilé, Yèyé dúró níwájú ilẹ̀kùn yẹn
tòun ti ìgbálẹ̀ lọ́wọ́.
Ọlọ́dà wò ó lójú, ó gbé agolo rẹ̀ lọ síbòmíràn.

Lálẹ́ àná mo tú ẹ̀rọ náà palẹ̀ lórí tábìlì.
Súkúrù mẹ́fà. Ọ̀kan ti dípẹtà, ọ̀bẹ ni mo fi yọ ọ́.
Aáyán kan jáde, ó wò mí bí onílé ṣe ń wo àlejò.
Mo yọ́ òjé, mo lẹ wáyà tó tín-ín-rín bí irun imú ológbò,
mo ki káàdì bọ̀ ọ́, kò tóbi ju èékánná lọ,
igba géèmù wà nínú rẹ̀, igba tòótọ́,
èmi fúnra mi ni mo kà wọ́n.
Ó wá bi mí lójú tẹlifíṣọ̀n:
ṣé kí n pa ti àtijọ́ rẹ́ kí àyè lè gba tuntun?
Bẹ́ẹ̀ ni, tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́.
Ìka mi dúró sókè títí òjé fi tutù.
Mo yọ mẹ́ta kúrò nínú igba.
Àyè gba pẹ́pẹ́yẹ.

Ilẹ̀ ò tíì mọ́ tí Morádéyọ̀ ọmọ mi fi jí.
Nínú gbogbo tuntun tí mo kó jọ,
ẹlẹ́ṣin, awakọ̀ òfuurufú, agbábọ́ọ̀lù tí orúnkún rẹ̀ ń tẹ̀,
ọkọ̀ ogun ló yàn.
"Dádì, èyí mà burẹ́wà o." Ó jókòó tì í.
Ahọ́n rẹ̀ yọ síta.
Kò sẹ́ni tó kọ́ ọ.

Yèyé jáde tòun ti ìborùn, kò pariwo iná.
Ó fìdí lé apá àga.
"Uṣẹ́ tí o ṣe sí i yìí, ó ti ń rántí nǹkan?"
Mo ní ó ti ń rántí.
"Bí wọ́n bá mú iná ńkọ́?"
Mo ní á ṣì máa rántí.
Kò fèsì. Ó ń wo iye tó ń gòkè,
31,200,
39,600.
Ó ń wo ilẹ̀kùn.

Ní 47,900 nẹ́pà mú iná.
Òkùnkùn. Èémí ọmọ kan nínú ọyẹ́.
Lẹ́yìn náà, ohùn Yèyé:
"Ta ló mọ ibi tí jẹnẹrétọ̀ wà? Ẹ dìde ńlẹ̀, kíá."